Ṣé Oríkì Lè Di Orúkọ Ọmọ? Ìbéèrè Àwọn Òbí l'Abẹ́òkúta àti Ìdáhùn

Iṣẹ́ ìtẹ̀wé ni mo ń ṣe ní Ìsàlẹ̀ Ìgbẹ̀in. Káàdì ìkómọ, ìwé ètò ìsìn, orúkọ ọmọ tí wọ́n ń tẹ̀ sára ike àti aṣọ ìnura tí àlejò ń gbé lọ sílé, gbogbo rẹ̀ là ń ṣe. Láyé ìgbà kan, oríkì kì í hàn lórí káàdì rárá. Nísinsìnyí, àwọn òbí ń mú Àṣàkẹ́, Àkànní, Àdùnní àti Àjàní wá, wọ́n sì ní kí n gbé e sí iwájú gbogbo orúkọ yòókù. Kí wọ́n tó sanwó, wọ́n á béèrè ọ̀rọ̀. Àwọn ìbéèrè náà nìyí, bí mo sì ṣe máa ń dáhùn wọn náà nìyí.

Oríkì wo gan-an lẹ ń sọ? Ṣé òun náà ni ìnagijẹ?

Ohun mẹ́ta ni àwọn èèyàn máa ń dà pọ̀ mọ́ra wọn. Oríkì àbísọ ni orúkọ kúkúrú tí wọ́n fi ń kẹ́ ọmọ láti ọjọ́ tí wọ́n ti bí i: Àjọkẹ́, Àbẹ̀ní, Àlàó, Àkàngbé. Oríkì orílẹ̀ ni ti ìdílé, èyí tí wọ́n ń kì lọ bí ilẹ̀ bí ẹní, tó ń sọ ibi tí baba ńlá ẹni ti ṣẹ̀ wá, ohun tí wọ́n fi ń ṣẹ̀ṣọ́, ogun tí wọ́n jà àti ohun tí wọn kì í jẹ. Ẹni tí wọ́n bá kí ní "Òwu, ọmọ Ajíbósìn", oríkì orílẹ̀ ni wọ́n fi kí i. Ìnagijẹ, tí àwọn kan ń pè ní àlàjẹ́, ni orúkọ tí ẹwà, ìwà, iṣẹ́ tàbí ìṣẹ̀lẹ̀ kan gbé lé èèyàn lórí: Adúmáadán, Eyínfúnjowó, Ọmọwúrà.

Oríkì àbísọ ló pọ̀ jù nínú ohun tí àwọn òbí ń mú wá, nítorí náà òun ni màá sọ jù. Ìnagijẹ náà ní àyè tirẹ̀ nísàlẹ̀.

Kí ni ìtumọ̀ àwọn oríkì tó wọ́pọ̀?

Ẹ wo ara orúkọ náà dáadáa, òun fúnra rẹ̀ ló ń sọ̀rọ̀. Ọ̀pọ̀ oríkì obìnrin ló parí sí "kẹ́", ohun tó bá wà láàárín ló sì ń sọ irú ìkẹ́ tó jẹ́. Àdùkẹ́ ni ọmọ tí wọ́n ń bá ara wọn du kí wọ́n lè kẹ́ ẹ. Àjọkẹ́, gbogbo ilé ló pawọ́ pọ̀ kẹ́ ẹ. Àjíkẹ́, bó ṣe lajú láàárọ̀ ni ìkẹ́ bẹ̀rẹ̀. Àṣàkẹ́, a ṣà á láàárín ọ̀pọ̀. Àmọ̀kẹ́, ẹni tó bá ti mọ̀ ọ́n, kíkẹ́ ló kù. Àbẹ̀kẹ́, a bẹ Ọlọ́run kí a tó rí i.

Ti Àlàkẹ́ ní omijé díẹ̀ nínú: bí ọmọ yìí bá là á já, kíkẹ́ la ó máa kẹ́ ẹ. Ẹni tó bá mọ bí ikú ṣe ń mú ọmọdé lọ nílẹ̀ yìí kí abẹ́rẹ́ àjẹsára tó dé kò ní béèrè ohun tí ìyá àgbà ń sọ. Àwọn tí kò parí sí "kẹ́" náà wà: Àbẹ̀bí, Àṣàbí, Àdùnní, Àyọ̀ká tó ń mú ayọ̀ káàkiri. Èyí tí èmi fẹ́ràn jù ni Àwẹ̀ró, ọmọ tí a wẹ̀, tí a sì ró láṣọ. Ní ìlú aláàdìrẹ bíi tiwa, tí aṣọ kún Ìtòkú bámúbámú, ó ń yà mí lẹ́nu pé Àwẹ̀ró kò wọ́pọ̀ tó bó ṣe yẹ.

Oríkì ọkùnrin le ju bẹ́ẹ̀ lọ. Ìjà wà nínú wọn. Àjàní, a jà kí a tó ní i. Àjàmú, ó jà, ó sì mú. Àjàgbé, ó jà, ó sì gbé e lọ. Tí ẹ bá ní kí àgbàlagbà ṣàlàyé Àkànní fún yín, yóò kọ́kọ́ rẹ́rìn-ín, nítorí ohun tí wọ́n ń sọ ni pé ìpàdé ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo ló mú ọmọ náà wá. Àyìndé ní tirẹ̀, wọ́n yìn ín, ó dé.

Ẹ ó ṣàkíyèsí pé obìnrin ni wọ́n ń kẹ́, ọkùnrin ni wọ́n ń rán lọ jà. Àwọn ìyá kan ti bi mí bóyá kò sí oríkì ọkùnrin tó ní ìkẹ́ nínú. Èyí tó sún mọ́ ọn jù ni àwọn tó ní "yìn" nínú, bí Àyìnlá àti Àyìndé. Ìyìn kúkú jẹ́ ìkẹ́ fún ọkùnrin.

Ṣé "À" ló gbọ́dọ̀ bẹ̀rẹ̀ gbogbo wọn?

Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ bẹ́ẹ̀. "À" olóhùn ìsàlẹ̀ níwájú, lẹ́yìn náà ohùn méjì sí i, ó tán. Ìṣọ̀lá wà nínú àwọn tó yàtọ̀, oríkì ọkùnrin gidi sì ni.

Ta ló yẹ kó fún ọmọ lóríkì?

Ní ọ̀pọ̀ agboolé, ìyá bàbá tàbí ìyá ìyá ọmọ ni, kò sì sí ayẹyẹ kankan níbẹ̀. Ẹ lọ wo ìyá àgbà tó ń wẹ ọmọ tuntun. Ó jókòó sórí àpótí, ó na ẹsẹ̀ méjèèjì síwájú, ó tẹ́ ọmọ sórí ojúgun. Omi lílọ́wọ́ọ́rọ́ wà nínú abọ́ lápá ọ̀tún, kànìnkànìn àti ọṣẹ dúdú lápá òsì. Ó bu omi sí i lórí, ó rọra fi ọwọ́ ra á látàrí, ó na apá rẹ̀, ó na ẹsẹ̀ rẹ̀, ó dojú rẹ̀ délẹ̀ kó lè fọ ẹ̀yìn. Ọmọ bú sẹ́kún. Ibẹ̀ ni oríkì ti ń jáde: "Àbẹ̀ní, pẹ̀lẹ́. Àbẹ̀ní, ọmọ Òwu, ó ti tán, ó ti tán." Ó fi òrí pa á lára, ó tún pè é. Ó dì í mọ́ aṣọ, ó tún pè é. Kí ọmọ yẹn tó pé ogójì ọjọ́, etí rẹ̀ ti mọ Àbẹ̀ní ju orúkọ tí àlùfáà pè níwájú ìjọ lọ.

Ìdí nìyí tí mo fi máa ń sọ fún àwọn tọkọtaya ọ̀dọ́ pé kí wọ́n fóònù ìyá kí wọ́n tó wá sí ṣọ́ọ̀bù mi. Ó ṣeé ṣe kí ìyá ti ní oríkì kan lẹ́nu láti ọsẹ̀ tó kọjá. Tí káàdì bá sọ Àdùkẹ́, tí ilé sì ń pe Àmọ̀kẹ́, ẹni tó bá ń wẹ ọmọ ló máa borí. Àmọ́ tí kò bá sí ìyá àgbà nítòsí, tàbí tí kò fún ọmọ ní nǹkan kan, kò sí òfin tó ní kí bàbá àti ìyá má yan èyí tó wù wọ́n.

Kí ló dé tí gbogbo èèyàn tún fi ń fẹ́ ẹ báyìí? Ṣé àṣà tuntun ni?

Ipò iwájú tí wọ́n ń gbé e sí ló jẹ́ tuntun, oríkì fúnra rẹ̀ kò lọ síbì kankan. Ẹ wo àwọn orúkọ ìdílé tó wà káàkiri: Àkàndé, Àlàbí, Àjàní, Àlàó, Àdìgún, Ìṣọ̀lá. Oríkì baba tàbí baba ńlá ẹnì kan ni ọ̀pọ̀ nínú wọn, tí wọ́n kọ sílẹ̀ lọ́jọ́ tí ilé ìwé tàbí ìjọba béèrè pé, "Kí lorúkọ bàbá rẹ?" Bẹ́ẹ̀ náà ni Bísí Àkàndé tó ṣe gómìnà Ọ̀ṣun láti 1999 sí 2003 ṣe ń gbé oríkì kiri gẹ́gẹ́ bí orúkọ ìdílé.

Lábẹ́ Olúmọ níbí, ẹ bẹ̀rẹ̀ láti ààfin. Aláké tó wà lórí oyè láti 2005 ni Ọba Adédọ̀tun Àrẹ̀mú Gbádébọ̀. Olúṣẹ́gun Ọbásanjọ́, ọmọ Òwu tó ṣe olórí orílẹ̀-èdè lẹ́ẹ̀mejì, Àrẹ̀mú ni. Ebenezer Obey, olórin jùjú tí ìdílé rẹ̀ jẹ́ Ẹ̀gbá, Àrẹ̀mú ni. Àyìnlá Ọmọwúrà, eléré àpàlà ìlú wa tó kú ní 1980, Wàhídì lorúkọ tí àwọn òbí rẹ̀ sọ ọ́, àmọ́ ta ló ń pè é bẹ́ẹ̀? Oríkì ló gbà á lọ́wọ́ wọn, ìnagijẹ sì ràn án lọ́wọ́.

Ní ti àwọn òbí òní, ohun tí mo ń gbọ́ lẹ́nu wọn ni pé orúkọ ti gùn jù. Gbólóhùn odindi la fi ń sọ ọmọ lórúkọ, a ó wá gé e kúrú lọ́jọ́ kejì. Nínú kíláàsì kan, gbogbo orúkọ ni yóò bẹ̀rẹ̀ láti Olúwa, olùkọ́ á sì máa wá ìyàtọ̀ wọn ní ìdí. Oríkì kò ní ìṣòro yẹn. Ó kúrú, ó dùn létí, kò ṣeé gé, kò sì jọ ti ẹlòmíràn nínú kíláàsì, ó kéré tán fún ìgbà díẹ̀. Olórin Asake náà dá kún un. Láti 2022 tí òkìkí rẹ̀ ti kàn, àwọn ọmọ tí kò gbọ́ Àṣàkẹ́ lẹ́nu ìyá wọn rí ti gbọ́ ọ lórí rédíò.

Ìdí kan tún wà tí wọn kì í sọ jáde, mo kàn ń rí i ni. Ọ̀pọ̀ nínú wọn ni ìyá àgbà wọn ti kú, tó jẹ́ pé òun nìkan ló ń fi oríkì pè wọ́n. Wọ́n fẹ́ kí ẹnì kan tún máa jẹ́ ẹ.

Kristẹni ni wá. Ṣé oríkì kò ní ẹbọ nínú?

Kò ní. Ẹ tú u wò: ẹ̀bẹ̀, ìkẹ́, ìyìn, ìjà, bíbí, níní. Kò sí Ifá níbẹ̀, kò sí Ògún, kò sí Oṣó. Ìdí nìyí tó fi la ìgbà ìyípadà já láìfara pa. Nígbà tí àwọn míṣọ́nnárì CMS wọ Abẹ́òkúta ní 1846, tí Àjàyí Crowther wà lára wọn, àwọn tó gbàgbọ́ gba orúkọ ìtẹ̀bọmi. Nígbà tó yá, ẹni tó ń jẹ́ Fábùnmi yí i sí Jésùbùnmi, Ògún di Olú lọ́pọ̀ ìdílé. Oríkì kò yí padà, nítorí kò sí ohun tí wọ́n fẹ́ yọ nínú rẹ̀.

Àwa Mùsùlùmí ńkọ́?

Ẹ̀yin lẹ tiẹ̀ fi í hàn jù. Síkírù Àyìndé, Wàhídì Àyìnlá, Harúnà Ìṣọ̀lá, ẹ gbọ́ bó ṣe ń yí lẹ́nu. Orúkọ Lárúbáwá níwájú, oríkì lẹ́yìn, ó bá ara mu bí ẹ̀wù àti fìlà. Àwọn àlùfáà tó ń wá tẹ káàdì lọ́dọ̀ mi kò tíì bá mi jiyàn lórí rẹ̀ rí.

Bàbá mi ní oríkì kì í ṣe ohun tí gbogbo ayé ń fi pe èèyàn. Ṣé òótọ́ ni?

Òótọ́ ni, ìbéèrè yìí ló sì yẹ kí ẹ ronú lé jù nínú gbogbo wọn.

Oríkì ní ọ̀nà tó ń gbà sọ̀ kalẹ̀. Àgbà ló ń fi í pe ọmọ. Ìyá ń fi í pe ọmọ, ẹ̀gbọ́n ń fi í pe àbúrò, ìyàwó a sì máa fi í pe ọkọ rẹ̀ nígbà tó bá fẹ́ tọrọ nǹkan tàbí nígbà tó bá fẹ́ fi tútù mú un: "Àkànní, ọkọ mi, ẹ má bínú." Ọmọdé kì í dédé la ẹnu kó pe ẹ̀gbọ́n bàbá rẹ̀ ní Àjàní. Ìwà àfojúdi ni. Kí ẹ tó mọ̀, wọ́n á ti ní kó dọ̀bálẹ̀.

Ohun kejì ni pé kì í ṣe gbogbo ìgbà ni wọ́n ń pè é. Orúkọ ni wọ́n fi ń rán èèyàn níṣẹ́, oríkì ni wọ́n fi ń rọ̀ ọ́. Tí ọmọ bá ń ṣàìsàn, tí kò fẹ́ gba oògùn, oríkì ló máa jáde. Tí ó bá gba ipò kìíní nílé ìwé, oríkì ló máa jáde. Tí ọmọbìnrin bá kúnlẹ̀ gbàdúà lọ́jọ́ ìgbéyàwó rẹ̀, tí ìyá sì gbé ọwọ́ lé e lórí, ẹ tẹ́tí sí orúkọ tí ìyá máa pè. Orí máa ń wú nígbà tí wọ́n bá pe oríkì ẹni, àmọ́ orí kò lè máa wú láti àárọ̀ dé alẹ́.

Nítorí náà, bí ẹ bá fi í ṣe orúkọ àkọ́kọ́, ẹ mọ̀ pé olùkọ́ yóò máa fi í pe ọmọ nígbà tó bá fẹ́ bá a wí. Akọ̀wé ilé ìfowópamọ́ yóò fi í pè é lórí ìlà. Ọmọdé ẹgbẹ́ rẹ̀ yóò fi í bú u. Ohun tí ìyá àgbà ń tọ́jú fún ọjọ́ tó bá dùn tàbí ọjọ́ tó bá le yóò di ohun ojoojúmọ́.

Èrò tèmi ni pé kí ẹ fi í sí ipò kejì. Orúkọ àkọ́kọ́ fún ìta, oríkì fún ilé, kí méjèèjì wà nínú ìwé. Àmọ́ mo ti rí àwọn òbí tó fi Àdùnní síwájú, tí wọ́n sì mọ ohun tí wọ́n ń ṣe: nílé, oríkì orílẹ̀ ni wọ́n fi ń kí ọmọ, bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ṣe rọ́pò ohun tí wọ́n mú lọ síta. Mi ò lè bá irú ìyẹn jà. Èyí tí mi ò fẹ́ràn ni pé kí wọ́n kọ oríkì sínú ìwé, kí wọ́n wá máa pe ọmọ ní "Baby" nílé.

Ọmọ wa yóò jẹ́ Àlàkẹ́. Kí ló dé tí ẹ fi ní kí a fi àmì sí i lórí káàdì?

Nítorí Abẹ́òkúta la wà. Àwọn kan mú orúkọ wá lórí fóònù láìfi àmì sí i, wọ́n kọ "Alake" gàdàgbà, wọ́n sì ní bẹ́ẹ̀ gan-an ni kí n ṣe tẹ̀ ẹ́. Bàbá àgbàlagbà kan tó ń dúró de ìwé ìrántí òkú ìyá rẹ̀ tẹ́ ọrùn wo ojú kọ̀ǹpútà. "Kábíyèsí ń kó ọmọ jáde?" ló béèrè, kò sì rẹ́rìn-ín. Bàbá ọmọ náà ló ní kí n fi àmì sí gbogbo rẹ̀ lójú ẹsẹ̀.

Aláké ni ọba Ẹ̀gbá, ẹni tó ni Aké. Àlàkẹ́ ni ọmọ tí a ń kẹ́. Nínú ìwé ìjọba, àmì kì í sí, nítorí náà àwọn méjèèjì yóò jọra níbẹ̀, kò sí ohun tí a lè ṣe. Lórí káàdì, lára àkàrà òyìnbó, lára aṣọ, níbi tí àmì ti ṣeé fi sí, ẹ fi sí i.

Ṣé ọmọkùnrin lè jẹ́ Àṣàkẹ́?

Oríkì obìnrin ni Àṣàkẹ́. Ahmed Ololade tí gbogbo ayé mọ̀ sí Asake, orúkọ ìyá rẹ̀ ló mú kọrin. Àgbàlagbà ló ti jẹ́ nígbà tó yàn án, ó sì mọ ẹni tó ń fi í bọlá fún. Fífi í sọ ọmọ ọwọ́ tó jẹ́ ọkùnrin jẹ́ ọ̀rọ̀ mìíràn. Tí orin rẹ̀ bá dùn mọ́ yín tó bẹ́ẹ̀, ẹ bí obìnrin.

Ìnagijẹ ńkọ́? Ìyá mi fẹ́ kí ọmọ máa jẹ́ Adúmáadán.

Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ sọ ibi tí ọ̀pọ̀ irú orúkọ bẹ́ẹ̀ ti wá, ó dùn ún gbọ́. Ìyàwó tó bá wọ agboolé kì í dárúkọ ọmọ tó bá nílé. Ọmọ ọjọ́ mẹ́jọ ni o, àgbà ni fún ìyàwó tó wọlé lọ́jọ́ kẹsàn-án. Kí ni ìyàwó wá fẹ́ máa pè é? Ó gbọ́dọ̀ wá orúkọ tirẹ̀. Yóò wo ọmọ náà látòkè délẹ̀, yóò sì mú èyí tó rẹwà jù lára rẹ̀. Èyí tó dúdú tó ń dán di Adúmáadán. Èyí tó pupa di Apọ́nbéporẹ́. Eléyín funfun di Eyínfúnjowó. Ẹni tó ga, tí aṣọ ń hàn lára rẹ̀, di Àgùntáṣọólò. Onídìí rèǹtè-rente di Ìbàdíàrán. Àwọn tó fẹ́ràn ìwé di Akọ̀wé, ìgbà mìíràn kí wọ́n tó mọ ìwé kà. Ọ̀wọ̀ ló bí i, àwàdà ló tọ́ ọ. Mo mọ àwọn ilé tí ọmọ ti di bàbá arúgbó, tí àwọn ìyàwó sì ń pè é ní Akọ̀wé síbẹ̀.

Ẹ wo ohun tó wà níbẹ̀: wọ́n wo ọmọ kí wọ́n tó sọ ọ́. Ìṣòro tó wà nínú fífi ìnagijẹ sọ ọmọ lọ́jọ́ kẹjọ nìyí. Ọmọ tuntun kì í tíì gbé àwọ̀ tí yóò lò wá. Èyí tí ẹ sọ ní Apọ́nbéporẹ́ lè dúdú bí aró kó tó kọ́ ìrìn. Ìyá wa fẹ́ Adúmáadán, ó dára, ẹ jẹ́ kó máa pè é bẹ́ẹ̀ nílé fún ọdún kan tàbí méjì kí ẹ tó gbé e sínú ìwé.

Àwọn mìíràn wà tó jẹ́ pé ìtàn ló gbé wọn wá, kì í ṣe ẹwà. Ìtàn Òwu sọ pé ọmọ ọwọ́ ni Olówu àkọ́kọ́ nígbà tó sunkún nítorí adé bàbá ìyá rẹ̀. Wọ́n ní kí wọ́n gbé e lé e lórí kó lè dákẹ́, kò sì jẹ́ kí wọ́n gbà á mọ́. Aṣunkúngbadé ni wọ́n ń pè é títí dòní. Moshood Abíọ́lá, tí wọ́n bí l'Abẹ́òkúta ní 1937, ni ọmọ kẹtàlélógún tí bàbá rẹ̀ bí, òun ló sì kọ́kọ́ yè, ni wọ́n bá sọ ọ́ ní Kásìmáawò: kí á ṣì máa wò ó ná. Ẹnikẹ́ni kò lè jókòó sórí àga kó ronú irú orúkọ bẹ́ẹ̀ jáde. Ohun tó ṣẹlẹ̀ ló sọ ọ́. Fẹlá ní tirẹ̀ kò dúró de ẹnikẹ́ni. Ní àwọn ọdún 1970 ló yọ Ransome kúrò lára orúkọ rẹ̀, ó sì fi Aníkúlápó rọ́pò rẹ̀. Àgbàlagbà ló ṣe ìyẹn fún ara rẹ̀. Kí ẹ gbé Aníkúlápó lé ọmọ ọjọ́ mẹ́jọ lórí, ẹrù yẹn ti wúwo jù fún un, lójú tèmi.

Ìbejì la bí. Ṣé wọ́n ṣì nílò oríkì nígbà tí wọ́n ti mú orúkọ wá látọ̀run?

Táyéwò àti Kẹ́hìndé ti ní oríkì tí wọ́n jọ ń jẹ́, Ẹ̀jìrẹ́ ará Ìṣokùn, bẹ́ẹ̀ náà ni Ìgè Àdùbí, Òjó àti Àìná ṣe ní tiwọn. Àmọ́ oríkì àjọjẹ́ nìyẹn. Ẹ fún ẹnì kọ̀ọ̀kan ní tirẹ̀ pẹ̀lú, pàápàá ìbejì, tí gbogbo nǹkan wọn jẹ́ méjì-méjì. Bí Táyé bá jẹ́ Àkànní, tí Kẹ́hìndé jẹ́ Àyìndé, ó kéré tán nǹkan kan wà tí wọn kò pín.

Oríkì bàbá rẹ̀ ni Àrẹ̀mú. Ṣé ọmọ lè jẹ́ Àrẹ̀mú náà?

Ó lè jẹ́ ẹ, àmọ́ ta ni yóò dáhùn nígbà tí ìyá bá pè é láti ìdí ààrò? Ọ̀pọ̀ ìdílé ń fún ọmọ kọ̀ọ̀kan ní tirẹ̀ nítorí ìyẹn nìkan. Ẹ wá òmíràn. Tó bá jẹ́ pé bàbá àgbà tó ti kú ló ń jẹ́ Àrẹ̀mú, tí ẹ sì fẹ́ kó tún padà sẹ́nu yín, ìyẹn bójú mu.

Ṣé ẹ lè bá wa wá oríkì tí ẹnikẹ́ni kò jẹ́ rí?

Rárá. Ẹ lọ béèrè lọ́wọ́ ìyá yín.

Ọkọ mi kì í ṣe Yorùbá, òkè òkun la sì ń gbé. Ṣé kò ní le jù fún wọn láti pè?

Ohùn ló máa fún wọn ní wàhálà, kì í ṣe lẹ́tà. Ohùn ìsàlẹ̀ ni Àbẹ̀kẹ́ fi bẹ̀rẹ̀, ohùn òkè ló fi parí. Ẹni tí kò bá mọ̀ yóò pè é pẹrẹsẹ bí ẹni ń ka nọ́ńbà fóònù. Ẹ ní kí ìyá àgbà gba ohùn rẹ̀ sílẹ̀ lórí WhatsApp: kó pe orúkọ náà lẹ́ẹ̀mẹta pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, kó wá pè é bó ṣe máa ń pè é gan-an. Ẹ tọ́jú rẹ̀, ẹ fi ránṣẹ́ sí olùkọ́ ọmọ náà. Mo ti gbọ́ pé ó ń ṣiṣẹ́.

Ní ti pé bàbá rẹ̀ kì í ṣe Yorùbá, oríkì kò béèrè ìwé ọmọ ìlú lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni. Susanne Wenger, obìnrin ará Austria tó fi ọ̀pọ̀ ọdún ayé rẹ̀ tún ojúbọ Ọ̀ṣun ṣe ní Òṣogbo, tó sì kú síbẹ̀ ní 2009, Àdùnní ni wọ́n ń pè é.

Báwo ni kí a ṣe kọ ọ́ sínú ìwé ẹ̀rí ìbí?

Ẹ pinnu ibi tí oríkì máa wà kí ẹ tó dé ọ́fíìsì Àjọ Ètò Ìkànìyàn. Òfin 1992 ní kí wọ́n forúkọ ọmọ sílẹ̀ láàárín ọjọ́ 60, nítorí náà ẹ ní àyè láti jiyàn nílé, àmọ́ àyè náà lópin. Bí ẹ bá ti kọ ọ́ síbẹ̀, bẹ́ẹ̀ gan-an ni kí ẹ kọ ọ́ fún nọ́ńbà ìdánimọ̀ NIN, ìwé ìrìnnà àti ilé ìwé: ètò kan náà, lẹ́tà kan náà. Tí Akanni bá jẹ́ orúkọ kejì níbì kan, tó wá di orúkọ ìdílé níbòmíràn, wàhálà ti dé. Èyí máa ń ṣẹlẹ̀ sí oríkì ju orúkọ mìíràn lọ, nítorí ẹni tó ń tẹ̀ ẹ́ ti mọ Àkànní, Àlàbí àti Àjàní sí orúkọ ìdílé, ọwọ́ rẹ̀ á kàn lọ síbẹ̀ fúnra rẹ̀. Ẹ ka ìwé náà lójú rẹ̀ kí ẹ tó kúrò lórí káńtà.

Ẹ má ṣe kọ "Ashake" lónìí kí ẹ tún kọ "Asake" lọ́la. Ẹ mú ọ̀kan.

Ọmọ wa ti pé ọdún mẹ́ta, kò ní oríkì. Ṣé ó ti pẹ́ jù?

Kò pẹ́. Fún ti ilé, ẹ bẹ̀rẹ̀ sí í fi pè é lónìí, ẹ fi pè é nígbà tí ẹ bá ń wẹ̀ ẹ́ àti nígbà tó bá ṣe dáadáa, yóò mọ̀ pé òun ni. Ẹ kò nílò ìwé kankan fún ìyẹn. Tó bá jẹ́ pé ẹ fẹ́ kó wọ ìwé rẹ̀, ẹ ó lọ búra ní kóòtù, ẹ ó sì ṣe ìkéde rẹ̀ nínú ìwé ìròyìn, ẹ ó wá gbé méjèèjì lọ sí àwọn ọ́fíìsì tó ní orúkọ àtijọ́ lọ́wọ́. Ẹ ṣe é kó tó wọ ilé ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀. Tí orúkọ bá ti dé orí ìwé ìdánwò, ẹ ó tún padà sí ilé ìwé, ẹ ó tún dé ọ́fíìsì tó ń ṣètò ìdánwò náà, owó tí ẹ ó sì ná lórí ọkọ̀ nìkan á ju owó káàdì tí mo bá yín tẹ̀ lọ.